Ẹ̀yin Ará, Mo Hereby Kí Yín

Àwọn kan wà tó jẹ́ pé bí ọ̀rọ̀ bá ti rọrùn jù, ara wọn kì í balẹ̀. Ohun tí wọ́n fẹ́ sọ kò ju "mi ò ní lè wá lọ́la" lọ, ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tó já sórí WhatsApp: "I hereby wish to inform the entire house that I shall be unavoidably absent." Ilé wo ni entire house? Èèyàn mẹ́jọ ló wà nínú ẹgbẹ́ náà. Mẹ́ta ti gbé e sí mute tipẹ́, ọ̀kan ti pààrọ̀ nọ́ńbà, àwọn tó kù ò sì bèèrè ibi tó ń lọ.

Nígbà kan, inú ìwé adájọ́, ìwé ìhágún àti ìwé àdéhùn ni hereby ń gbé. Kì í yọjú síta láìsí òǹtẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ó ti jáde sígboro báyìí. Ó ń bá wọn lé ọmọ ẹgbẹ́ tó ń jiyàn jù, ó ń bá wọn kọ ọ̀rẹ́kùnrin sílẹ̀, ó ń bá wọn kéde ọmọ tuntun: "I hereby announce the arrival of a bouncing baby boy." Bí ọmọ ọ̀hún ṣe ń ké nínú fídíò tí wọ́n gbé síbẹ̀, ẹ ó rò pé ó fẹ́ pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ni.

Ìtumọ̀ rẹ̀ kò le rárá. Nípasẹ̀ èyí, nípa ọ̀rọ̀ tí mò ń sọ yìí gan-an, nípa ìwé tó wà lọ́wọ́ yín yìí. Ẹni tó bá kọ "I hereby resign" kò ròyìn fún yín pé òun ti fiṣẹ́ sílẹ̀ lánàá, kò sì ṣèlérí pé òun máa fi í sílẹ̀ lọ́la. Bí ẹ ṣe ń kà á yẹn ni iṣẹ́ ń bọ́. Ìdí nìyẹn tí ọ̀rọ̀ ìṣe tó bá tẹ̀ lé e kì í fi í jẹ́ ti àná tàbí ti ọ̀la. Ó tún ní mọ̀lẹ́bí: herewith ni ti ohun tó bá ìwé wá, herein ni ti ohun tó wà nínú ìwé, hereafter ni ti ohun tó ń bọ̀ lẹ́yìn, hereinafter sì ni ti agbẹjọ́rò tó fẹ́ gba owó tó jọjú. Àwọn onígírámà Yorùbá pe irú wọn ní ọ̀rọ̀ àpọ́nlé. Mo fura pé ibẹ̀ ni wàhálà ti bẹ̀rẹ̀: àwọn èèyàn gbọ́ àpọ́nlé, wọ́n rò pé tiwọn ni wọ́n ń sọ.

J. L. Austin, onímọ̀ ìjìnlẹ̀ kan ní Oxford, fi ọ̀rọ̀ yìí ṣe òṣùwọ̀n nínú ìdánilẹ́kọ̀ọ́ tó ṣe ní Harvard lọ́dún 1955, tí wọ́n wá tẹ̀ ní ìwé lọ́dún 1962 lẹ́yìn tó ti kú. Ó ṣàkíyèsí pé kì í ṣe gbogbo ọ̀rọ̀ ló ń ròyìn nǹkan. Àwọn kan wà tó jẹ́ pé sísọ wọn ni ṣíṣe wọn. Mo ṣèlérí. Mo tọrọ àforíjì. Bí èyí tó wà lẹ́nu yín bá ń rú yín lójú, ẹ fi hereby há a láàrin, kí ẹ wò ó bóyá ó máa gbà á. "Mo hereby ṣèlérí": ó wọlé. "Mo hereby sáré": ẹsẹ̀ dà? "Mo hereby ga": ẹ dìde ká rí i. "Mo hereby gbọ́n": ó dáa, a ti gbọ́.

Austin kò dúró síbẹ̀, ibi tó sì lọ lẹ́yìn náà ni àwọn Admin WhatsApp kò ní fẹ́ kí ẹ kà dé. Ó ní ká sọ pé wọ́n fẹ́ fún ọkọ̀ òkun tuntun lórúkọ. Wọ́n ti yan ẹni tó máa fọ́ ìgò mọ́ ọn, gbogbo èrò ti pé, ni jàǹdùkú kan bá já ìgò gbà, ó là á mọ́ ara ọkọ̀, ó sì pariwo pé òun sọ ọ́ ní Stalin. Ìgò fọ́ lóòótọ́. Orúkọ ò jẹ́. Ta ló rán an níṣẹ́? Agbára ti gbọ́dọ̀ wà lọ́wọ́ èèyàn kí hereby tó lè wúlò fún un, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ariwo lásán ni, ìgò sì ti ṣòfò.

Ká má parọ́, Admin ní agbára kan: ó lè yọ èèyàn kúrò. Ṣùgbọ́n bọ́tìnì ló ń yọ èèyàn. Mo mọ Admin kan tó kọ ìwé ìlélọ onípìínrọ̀ mẹ́ta ní òru, "you are hereby expelled", ó fi nọ́ńbà sí ẹ̀ṣẹ̀ kọ̀ọ̀kan, ó kọ "By Order" sísàlẹ̀, ó wá gbàgbé láti tẹ bọ́tìnì. Ẹni tí wọ́n lé ló kọ́kọ́ fèsì: "Noted sir." Ó ṣì wà níbẹ̀ di òní. Àràárọ̀ ló ń fi àwòrán òdòdó tí wọ́n kọ "ẹ káàárọ̀" sí lára ránṣẹ́, Admin náà sì ń dá a lóhùn.

Ẹ jẹ́ ká wo àwọn tí hereby jẹ́ tiwọn gan-an. Láti ọdún 1920 ni ìwé òfin ilẹ̀ Amẹ́ríkà ti ka ọtí léèwọ̀. Lọ́dún 1933, wọ́n fi gbólóhùn kan péré da á nù: "The eighteenth article of amendment to the Constitution of the United States is hereby repealed." Hereby kan ṣoṣo, gbogbo ọ̀mùtí orílẹ̀-èdè jí dìde. Ṣùgbọ́n ìpínlẹ̀ 36 ló kọ́kọ́ fọwọ́ sí i kó tó lágbára. Ìpínlẹ̀ 36, fún hereby kan.

Ti Edward Kẹjọ, ọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tún dùn jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn àgbà ní àpọ́nlé ò sí fún ọba tí ò lólorì. Wallis Simpson ni Edward fẹ́ fi ṣe olorì, wọ́n ní kò lè fẹ́ ẹ kó sì tún wà lórí ìtẹ́. Ní ọjọ́ 10 oṣù Kejìlá ọdún 1936, ó fọwọ́ sí ìwé tó kọ ọ́ sí pé òun "do hereby declare" pé òun ti pinnu láti gbé adé sílẹ̀. Àwọn àbúrò rẹ̀ mẹ́ta fọwọ́ sí i gẹ́gẹ́ bí ẹlẹ́rìí. Pẹ̀lú gbogbo ìyẹn náà, adé ò kúrò lórí rẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Ìgbà tí Ilé Aṣòfin ṣòfin lé e lórí lọ́jọ́ kejì ló tó di ọba àná. Hereby ọba sùn mọ́jú kó tó ṣiṣẹ́! Akọ̀wé ẹgbẹ́ tí kò ní ju ọmọ ẹgbẹ́ ogún lọ ní tòun máa ṣiṣẹ́ "with immediate effect".

Nígbà míì, owó gidi ló wà nídìí rẹ̀. Oníṣẹ́ ìwádìí kan ní yunifásítì Stanford fọwọ́ sí ìwé fún àwọn ọ̀gá rẹ̀ pé òun gbà láti fi ẹ̀tọ́ ohun tóun bá ṣàwárí fún wọn. "Agree to assign" ni wọ́n kọ síbẹ̀. Nígbà tó lọ kọ́ṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ kan tó ń jẹ́ Cetus, àwọn náà gbé ìwé tiwọn fún un, ó fọwọ́ sí i, "do hereby assign" ló sì wà nínú tiwọn. Ọ̀nà tí wọ́n ń gbà wọn kòkòrò HIV nínú ẹ̀jẹ̀ ni wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ lé lórí, ohun kékeré kọ́. Ilé iṣẹ́ Roche ra iṣẹ́ yẹn lọ́wọ́ Cetus, ọ̀rọ̀ wá di ẹjọ́. Lọ́dún 2009, ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn sọ pé ti Stanford jẹ́ ìlérí pé òun máa fún wọn, ti Cetus sì ti jẹ́ fífún wọn lójú ẹsẹ̀. Stanford gbé e dé ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Amẹ́ríkà, wọn ò rí i gbà níbẹ̀ náà lọ́dún 2011. Ẹ ò rí i pé bí hereby bá bọ́ sọ́wọ́ agbẹjọ́rò tó mọ̀ ọ́n lò, ó lè gba nǹkan lọ́wọ́ yunifásítì. Bó bá bọ́ sọ́wọ́ tiwa, a ó fi sọ fún àwọn èèyàn pé iná ti lọ.

Ìgbà kan tí wọ́n wá lò ó gan-an lágbàáyé ni ọdún 2012, nígbà tí ìkéde kan gba orí Facebook kan, pé Facebook ò gbọ́dọ̀ lo fọ́tò àti ọ̀rọ̀ ẹni láìgbàyè: "I hereby declare that my copyright is attached to all of my personal details..." Àwọn èèyàn ò tiẹ̀ bèèrè ẹni tó kọ ọ́. Wọ́n ń dà á kọ, wọ́n ń lẹ̀ ẹ́ mọ́ ojú ewé wọn, ó di ọfọ̀ lẹ́nu wọn, tòun ti èèwọ̀ rẹ̀: ẹ má share o, àfi kí ẹ dà á kọ fúnra yín, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ kò ní jẹ́. Wọ́n pe àdéhùn kan tí wọ́n ń pè ní "Berner Convention" síbẹ̀, Berne ni wọ́n ní lọ́kàn, àdéhùn lórí ẹ̀tọ́ àwọn òǹkọ̀wé àti oníṣẹ́ ọnà tí wọ́n ṣe lọ́dún 1886. Wọ́n tún fi Rome Statute kún un. Ìyẹn ni ìwé ọdún 1998 tó dá ilé ẹjọ́ àgbáyé tó ń gbọ́ ẹjọ́ ìpẹ̀yàrun àti ọ̀daràn ojú ogun sílẹ̀. Ẹ fojú inú wo ẹni tó gbé àwòrán ara rẹ̀ sórí Facebook, tí àtàǹpàkò rẹ̀ bo ìdajì kámẹ́rà, tó wá ń pe ilé ẹjọ́ tó ń dájọ́ àwọn apààyàn kí wọ́n wá bá òun ṣọ́ ọ.

Facebook ní irọ́ ni, kò sí ohun tí ìkéde náà yí padà. Báwo ló ṣe fẹ́ yí i padà? Ọjọ́ tí kálukú ń forúkọ sílẹ̀ ló ti tẹ bọ́tìnì pé òun gbà. Kò ka ìwé àdéhùn, kò tilẹ̀ yí i lọ sísàlẹ̀. Bọ́tìnì yẹn ni hereby tó jẹ́. Kò dún, kò pariwo, wọn ò sì kọ ọ́ síbẹ̀, ṣùgbọ́n ó so èèyàn. Lọ́jọ́ tí hereby wúlò, a tẹ̀ ẹ́ láìwojú rẹ̀; lọ́jọ́ tí kò wúlò, a fi lẹ́tà ńlá kọ ọ́.

Ẹ̀yà kan wà tó tún burú díẹ̀. "I hereby wish to apply." Ohun tó ń wu èèyàn, kò tíì ṣe é nìyẹn, ohun téèyàn bá hereby, ó ti ṣe é tán. Èwo ni ká gbà? "You shall hereby be suspended": ṣé ọ̀la ni àbí ìsinsìnyí, kí n mọ̀ bóyá kí n wá síbi iṣẹ́? "Please find hereby attached": herewith ni wọ́n ń wá, hereby ló bọ́ sí wọn lọ́wọ́. Lọ́pọ̀ ìgbà kò tilẹ̀ sí nǹkan kan tí wọ́n so mọ́ ọn. Lẹ́tà kejì yóò sáré tẹ̀ lé e, hereby méjì nínú rẹ̀. "I am hereby hoping for your favourable response" ni mi ò fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí, nítorí ẹ̀jẹ̀ ríru. Àwọn ẹni ńlá sì ní tiwọn: "I hereby apologise to anyone who may have felt offended." Hereby gbé àforíjì náà wọlé, "anyone who may have" sì gbé e jáde padà.

Èyí tó ń pa mí lẹ́rìn-ín ni pé ọdún 1979 ni Plain English Campaign ti bẹ̀rẹ̀ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láti bá àwọn tó ń fi Gẹ̀ẹ́sì dídíjú dààmú aráàlú jà. Lọ́dún 2010, Obama fọwọ́ sí òfin tó ní kí àwọn iléeṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ Amẹ́ríkà máa kọ̀wé tó yé èèyàn. Àwọn tó ni èdè ń gbá ọ̀rọ̀ wọ̀nyí síta, àwa ń kó wọn wọlé, a ń nù wọ́n dán.

Ibi kan tí mo ti gbà fún wọn ni ọ̀rọ̀ ìfẹ́. "I hereby love you" kò bójú mu, ìfẹ́ kì í ṣe ohun tí wọ́n ń fi ìwé kéde wọlé. Ṣùgbọ́n "I hereby terminate this relationship with immediate effect" pé pérépéré. Ẹni tó sọ ọ́ ní àṣẹ láti sọ ọ́. Kò nílò ẹlẹ́rìí mẹ́ta, kò nílò ìpínlẹ̀ 36, bí àmì búlúù méjì yẹn bá ti yọ báyìí, ó ti ṣẹ. Austin ì bá fún un ní máàkì tó pé. Ọkùnrin tí wọ́n fi í ránṣẹ́ sí nìkan ni yóò máa bínú pé wọ́n lé òun bí òṣìṣẹ́. Kí ni kó fèsì? Bó bá ní "I hereby refuse", kò lè jẹ́. Kó kúkú di bàtà obìnrin náà àti ṣájà rẹ̀ sínú àpò kan, kó fi ránṣẹ́ sí i, kó sì kọ ọ́ sórí ìwé pélébé tó bá ẹrù náà wá: "Herewith, two slippers and one charger." Gírámà tirẹ̀ náà á pé.