Ilé iná etí òkun kì í ṣe tọ́ọ̀ṣì o

Ìkómọ kan la lọ ní Pàkátà, nílùú Ìlọrin níbí, lọ́sẹ̀ tó kọjá. Bàbá kan wà láàrin wa tí wọ́n ti gbé Accra rí, wọ́n wà lára àwọn tí ìjọba Busia ní kí wọ́n padà sílé lọ́dún 1969, wọ́n wá ń sọ fún àwọn ọmọ nípa ilé gogoro kan tó ní iná lórí, tó wà ní Jamestown létí òkun níbẹ̀. Bàbá ní iná yẹn ló máa ń tan ojú òkun kí ọkọ̀ tó ń bọ̀ lóru lè rí ibi tó máa gbà, bí iná iwájú mọ́tò ṣe ń tan títì. Gbogbo wa mirí sí i. Mi ò já wọn ní koro, àgbà ni wọ́n, ọ̀rọ̀ Gáná sì ń dùn lẹ́nu wọn. Àmọ́ ọ̀rọ̀ yẹn ò kúrò lọ́kàn mi, torí èmi náà ti gbà bẹ́ẹ̀ gbọ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún, àwọn tí mo sì bi lẹ́yìn ìyẹn, ohun kan náà ni wọ́n ń sọ.

Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá.

Ẹ rò ó wò ná. Bí èèyàn bá tanná sójú òkun lóru, kí ló máa rí? Omi náà ni. Àpáta tó ń fọ́ ọkọ̀, abẹ́ omi ló fara pamọ́ sí, kò sí iná tó máa bá a débẹ̀. Iná orí ilé yìí kì í tiẹ̀ kọjú sísàlẹ̀, gbọọrọ ló ń lọ síwájú, síbi tí òkun àti ojú ọ̀run ti pàdé, débi pé ọkọ̀ tó bá wà nídìí ilé náà gan-an, inú òkùnkùn ló wà. Ẹni tó ń wa ọkọ̀ ò fi iná yẹn wo nǹkan kan, iná yẹn fúnra rẹ̀ ló ń wò. Ohun tí iná náà sì ń sọ fún un ni pé èmi báyìí ni mo wà níbí, èmi kọ́ ni ẹnì kejì mi.

Ẹni tó bá dàgbà ní Ìlọrin á tètè mọ ohun tí mò ń sọ. Tó bá di àsùbáà, tí NEPA ti múná lọ, tí gbogbo àdúgbò ṣú dùdù, ẹ máa gbọ́ ládàánì níbí, ẹ máa gbọ́ lọ́hùn-ún, kálukú pẹ̀lú ohùn tiẹ̀, ẹni tó bá jẹ́ ọmọ ilé á sì mọ̀ pé ti Ọjà Ọba nìyí, ti Òkèlélé nìyẹn. Ohùn yẹn ò tanná sọ́nà fún ẹnikẹ́ni. Ó kàn jẹ́ kó o mọ apá ibi tó o wà ni, kódà bí o ò rí ọwọ́ ara rẹ.

Bí ilé iná ṣe ń ṣiṣẹ́ nìyẹn. Kálukú ló ní iye ìgbà tó ń kọ yẹ̀rì. Èyí tó wà lórí àpáta Eddystone ní gúúsù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì máa ń kọ yẹ̀rì lẹ́ẹ̀mejì ní sẹ́kọ́ǹdì 10, ti Cape Hatteras ní Amẹ́ríkà ń ṣe é lẹ́ẹ̀kan ní sẹ́kọ́ǹdì méje ààbọ̀. Ọ̀gá ọkọ̀ á wo aago, á kà á, á ṣí ìwé tí wọ́n kọ gbogbo wọn sí, ó ti mọ ibi tó wà nìyẹn. Tó bá wá rí méjì lẹ́ẹ̀kan náà, á fa ìlà láti ọ̀dọ̀ kálukú wọn lórí máàpù, ibi tí ìlà méjèèjì bá ti pàdé ni ọkọ̀ rẹ̀ wà. Lọ́sàn-án ńkọ́? Ọ̀dà ara ilé náà ni wọ́n ń wò, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi kun Hatteras ní dúdú àti funfun tó lọ́ mọ́ ọn lára bí okùn, kì í ṣe fún ẹwà.

Iná yẹn kì í sì í ṣe iná gàgàrà bá a ṣe rò. Èyí tí Smeaton kọ́ sí Eddystone lọ́dún 1759, àbẹ́là 24 péré ló wà nínú rẹ̀! Gíláàsì ló yí ọ̀rọ̀ padà. Ará Faransé kan tó ń jẹ́ Augustin Fresnel ló rò ó pé iná tó ń fọ́n ká sókè sódò, òfò ni, ó wá to gíláàsì ní òrùka-òrùka yí fìtílà ká kó lè tẹ gbogbo ìmọ́lẹ̀ yẹn padà, kó máa lọ lójú kan. Ọdún 1823 ni wọ́n kọ́kọ́ gbé e sí ilé iná Cordouan. Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn náà ni Fresnel kú, ọmọ ọdún 39 péré, ó máa ń dùn mí tí mo bá rántí, torí iye ẹ̀mí tí iṣẹ́ ọkùnrin yẹn ti gbà là. Lẹ́yìn tí iná ẹ̀lẹ́tíríìkì dé, bọ́ọ̀bù wáàtì 1,000 ti ń ṣe iṣẹ́ yẹn níbi púpọ̀, iye iná tí áyọ́ọ̀nù tá a fi ń lọ aṣọ ń fà nìyẹn o. Nínú ọ̀pọ̀ wọn, iná ọ̀hún kì í tiẹ̀ kú kó tún tàn, gíláàsì ló ń yí po, ẹ̀ẹ̀kan tó bá kọjú sí ẹ lo máa rí i. Àwọn gíláàsì ńláńlá yẹn wúwo gan-an, àmọ́ wọ́n gbé e léfòó sórí mẹ́kúrì, ìyẹn irin tó ń ṣàn bí omi, èèyàn lè fi ìka kan tì í kó yí.

Gíga ilé náà ńkọ́? Torí ayé rí roboto ni. Ẹni tó dúró létí omi ò lè rí ju nǹkan bíi kìlómítà márùn-ún lọ kí òkun tó tẹ̀ kọjá ojú rẹ̀, ṣùgbọ́n tí iná bá wà lókè mítà 30, ó di nǹkan bí 20.

Àwọn kan tún ní ńṣe ló ń pe ọkọ̀ wá. Òótọ́ ni pé àwọn tó wà nítòsí èbúté, bí i ti Jamestown, ń júwe etíkun, àmọ́ ọ̀pọ̀ ló ń sọ pé má wá síbí. Eddystone jìnnà sí ilẹ̀ tó bíi kìlómítà 14, kí lọkọ̀ fẹ́ wá ṣe níbẹ̀? Wọ́n kọ́ ọ torí pé àpáta yẹn ń pa èèyàn ni. Winstanley ló kọ́kọ́ kọ́ ọ lọ́dún 1698, ìjì oṣù kọkànlá 1703 gbé ilé náà lọ pẹ̀lú òun fúnra rẹ̀ nínú rẹ̀. Wọ́n tún fi igi kọ́ ọ lọ́dún 1709, iná jó o ní 1755. Ti Smeaton ló wá tẹ̀ lé e, kò wó, àpáta tó wà lábẹ́ rẹ̀ ni omi ń jẹ. Èyí tó wà níbẹ̀ dòní, 1882 ni wọ́n parí rẹ̀. Ìgbà mẹ́rin ni wọ́n kọ́ ilé sórí àpáta kan ṣoṣo kí ọkọ̀ lè máa sá fún un.

Tí mo bá tún padà dọ́dọ̀ bàbá, ohun tí mo fẹ́ bi wọ́n ni pé nígbà tí wọ́n máa ń jókòó sí Jamestown lálẹ́, ẹ̀ẹ̀melòó ni iná yẹn máa ń kọ yẹ̀rì kó tó sinmi. Bí wọ́n bá ṣì rántí, màá kọ ọ́ sílẹ̀.