Ṣé orin nìkan làwọn obìnrin Greenham kọ?

Bí ọ̀rọ̀ ìwọ́de àwọn obìnrin lórí bọ́ǹbù núkílíà bá ti délẹ̀, ẹ ó gbọ́ ọ: "Kí ni wọ́n ṣe ju pé wọ́n kọrin, wọ́n sì di ara wọn lọ́wọ́ mú?" Èmi náà ti gbà á gbọ́ rí. Irọ́ gbáà ni.

Ní 1981, obìnrin bíi 36, pẹ̀lú ọkùnrin díẹ̀ àti ọmọdé, fẹsẹ̀ rìn láti Cardiff ní Wales dé Greenham Common, ibùdó ọkọ̀ òfurufú ológun nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, níbi tí Amẹ́ríkà fẹ́ kó mísáìlì núkílíà 96 sí. Wọn ò bá ẹní wá o. Kí ìjọba jáde wá bá wọn jiyàn lórí tẹlifíṣọ̀n ni wọ́n ń béèrè. Ìjọba ò dá wọn lóhùn, ni wọ́n bá fi ọ̀rá àti igi pàgọ́ síbẹ̀. Ó di ọdún 2000 kí àgọ́ náà tó tú.

Orin wà níbẹ̀, mi ò jiyàn. Ní December 1982, obìnrin bíi 30,000 di ọwọ́ mú yí wáyà máìlì mẹ́sàn-án tí wọ́n fi sọgbà yí ibùdó náà ká. Fọ́tò ọjọ́ yẹn ló ń tan àwọn èèyàn jẹ. Láàárọ̀ kùtù ọjọ́ kìíní ọdún 1983 ńkọ́? Wọ́n gbé àkàsọ̀ ti wáyà, wọ́n tẹ́ kápẹ́ẹ̀tì lé ẹ̀gún irin, obìnrin 44 sì wọlé lọ jó lórí ilé tí wọ́n ń kọ́ fún mísáìlì. Ẹ̀wọ̀n ọjọ́ mẹ́rìnlá ni ọ̀pọ̀ wọn fi gbà á.

Èyí tó dùn mọ́ mi jù ni ti kóòtù. Ní 1985, ìjọba ṣòfin pé ẹni tó bá wọ ibẹ̀ láìgbàṣẹ, arúfin ni. Jean Hutchinson àti Georgina Smith wọlé, ẹjọ́ wọn sì dé House of Lords, kóòtù tó ga jù nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nígbà yẹn. Wọn ò fi ọ̀rọ̀ bọ́ǹbù gbèjà ara wọn, ọ̀rọ̀ màlúù ni wọ́n gbé dìde! Àwọn ará àdúgbò ní ẹ̀tọ́ láti da ẹran lórí ilẹ̀ yẹn, òfin 1892 tí ìjọba gùn lé gan-an ló sì ní kí wọ́n má fọwọ́ kan ẹ̀tọ́ wọn. Ní 1990, àwọn adájọ́ ní òótọ́ ni, òfin ìjọba ò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Àwọn tí wọ́n ń pè ní aláìríṣẹ́ṣe ló ka ibi tí ìjọba fò.

Mi ò sọ pé àwọn nìkan ló lé mísáìlì lọ. Ojú wọn ni mísáìlì ṣe dé ní November 1983. Àdéhùn Reagan ti Amẹ́ríkà àti Gorbachev ti Soviet ní 1987 ló kó mísáìlì náà kúrò, èyí tó kẹ́yìn sì lọ ní 1991.

Wọ́n ti tú wáyà náà. Màlúù ló ń jẹko níbẹ̀ báyìí.