Àtúnṣe lórí ẹ̀kọ́ Pyrrho
Ọ̀rọ̀ kan ń jà ràn-ìn lórí WhatsApp pé Pyrrho, amòye ilẹ̀ Gíríìsì àtijọ́, àtàwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ ní kò sóhun téèyàn lè mọ̀ láyé. Kò rí bẹ́ẹ̀. Sextus Empiricus, oníṣègùn tó tẹ̀ lé ẹ̀kọ́ náà, ṣàlàyé rẹ̀ níbẹ̀rẹ̀ ìwé rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Outlines of Pyrrhonism lédè Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ lè kà á fúnra yín. Ó ní àwọn kan sọ pé àwọn ti rí òtítọ́, Carneades, amòye Gíríìsì mìíràn, àtàwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní kò ṣeé rí, àwọn ti Pyrrho ṣì ń wá a. Wọ́n gbà pé oyin ń dùn lẹ́nu. Bóyá adùn wà nínú oyin fúnra rẹ̀ ni wọn ò tíì dá lẹ́jọ́. Ebi bá pa wọ́n, wọ́n á jẹun. Ó rọrùn láti ṣì í gbọ́, ẹ má bínú sẹ́ni tó fi ránṣẹ́; ẹ ṣáà bá wa pín àtúnṣe yìí.