Ta Ni Ó Ní Tẹlifíṣọ̀n Kéré sí Sinimá?

Ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń kọ́ iṣẹ́ kámẹ́rà sọ lójú mi pé òun kò ní ya eré tẹlifíṣọ̀n láéláé, nítorí pé sinimá nìkan ni iṣẹ́ gidi. Ọ̀rọ̀ náà dùn mí, orúkọ tó sì wá sí mi lọ́kàn ni ti Remi Adefarasin, ẹni tó ń jẹ́ orúkọ Yorùbá láàrin àwọn àgbà ayafíìmù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tí ọ̀pọ̀ nínú wa kò sì mọ̀ rárá.

BBC, ilé-iṣẹ́ rédíò àti tẹlifíṣọ̀n ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ni ó ti kọ́ṣẹ́ láti ìsàlẹ̀. Ibẹ̀ náà ni ó ti ya Truly, Madly, Deeply, tó jáde ní 1990, ìtàn obìnrin kan tí olólùfẹ́ rẹ̀ tó ti kú padà wá bá nílé. Lẹ́yìn náà ni Elizabeth, fíìmù sinimá nípa Ọbabìnrin Elizabeth Kìn-ín-ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, dé ní 1998. Láàrin àwọn òpó òkúta ṣọ́ọ̀ṣì ńlá Durham, níbi tí wọ́n ti ya apá kan fíìmù náà, kámẹ́rà a gòkè lọ sí àjà, a sì máa wo àwọn èèyàn nílẹ̀ bí ìgbà tí ẹyẹ bà lórí òrùlé. Nígbà tí ọbabìnrin náà gé irun rẹ̀, tó kun ojú ní ẹfun, tó sì jáde síta nínú ìmọ́lẹ̀ funfun, mo dá fíìmù náà dúró, mo tún ibẹ̀ wò lẹ́ẹ̀mẹta. Iṣẹ́ yìí gba BAFTA, ẹ̀bùn fíìmù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, òun sì ni ẹni dúdú àkọ́kọ́ tí wọ́n yàn mọ́ àwọn tó ń du Oscar fún yíyà fíìmù.

Lẹ́yìn gbogbo iyì yìí, tẹlifíṣọ̀n ló tún padà sí! Òun àti ayafíìmù mìíràn, Joel Ransom, ni wọ́n pín Band of Brothers yà, eré tẹlifíṣọ̀n alápá púpọ̀ nípa àwọn ọmọ ogun Amẹ́ríkà nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, tó jáde ní 2001. Àwọ̀ ibẹ̀ ti ṣá bí aṣọ àlòkù, kámẹ́rà sì ń gbọ̀n bí ẹni tó ń bá àwọn ọmọ ogun sáré. Ní ọdún tó tẹ̀ lé e, ó ti ń ya eré apanilẹ́rìn-ín.

Àwọn kan a máa sọ pé ẹni tó bá ń ṣe oríṣiríṣi báyìí kò ní ọwọ́ tirẹ̀. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀. Ọwọ́ tirẹ̀ ni pé ó máa ń jẹ́ kí ìtàn fúnra rẹ̀ sọ irú iná tó ń fẹ́, orí tẹlifíṣọ̀n ni irú ìwà bẹ́ẹ̀ sì ti ń mọ́ni lára, nítorí pé àsìkò kò sí, owó kò pọ̀, oòrùn sì ń wọ̀, bí èèyàn kò bá tètè mọ ibi tí yóò gbé iná sí, iṣẹ́ ọjọ́ náà ti bàjẹ́ nìyẹn. Túndé Kèlání tiwa náà, ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Ìbàdàn ni ó ti ṣiṣẹ́ kí ó tó lọ kẹ́kọ̀ọ́ fíìmù ní Lọ́ńdọ̀nù.

Mo ti ní kí ọ̀dọ́mọkùnrin náà wá Truly, Madly, Deeply wò, kí ó kọ́kọ́ pa ohùn rẹ̀, kí ó sì máa wo bí ìmọ́lẹ̀ ṣe ń ti ojú fèrèsé wọlé nìkan. Ó ní òun ti rí i. Mò ń dúró de ohun tí yóò sọ.