Ṣé nítorí pé ẹ kọ nọ́ńbà yín sílẹ̀ ni wọ́n fi lè máa pè yín?

Àǹtí mi kan ra sítóòfù gáàsì ní ṣọ́ọ̀bù kan n'Ìbàdàn. Ọmọ tó ń tajà ní kí wọ́n kọ orúkọ àti nọ́ńbà fóònù wọn sínú ìwé nítorí gáráńtì, wọ́n sì kọ ọ́. Kò pẹ́ tí fóònù Àǹtí bẹ̀rẹ̀ sí í dún ní àdúnjù: ẹni tó ń ta ilẹ̀ n'Íbẹ̀jú-Lẹ́kìí, ẹni tó fẹ́ yá wọn lówó, ẹni tó ń ta oògùn ìtọ̀ ṣúgà. Wọ́n á fi iná ọbẹ̀ sílẹ̀, wọ́n á sáré lọ gbé e, torí wọ́n rò pé ọmọ wọn ló ń pè. Mo bi wọ́n pé kí ló dé tí wọn ò ní kí àwọn èèyàn náà yé pè. Wọ́n ní, "Ṣebí ọwọ́ ara mi ni mo fi kọ nọ́ńbà sílẹ̀? Kí ni mo tún fẹ́ wí?"

Èsì yẹn dùn mí gan-an, torí ọ̀pọ̀ èèyàn ló gbà bẹ́ẹ̀. Wọ́n gbà pé ẹni tó bá ti fi nọ́ńbà sílẹ̀, tàbí tó ti tẹ "mo gbà" lórí áàpù, ti sọ ẹ̀tọ́ rẹ̀ nù. Irọ́ ni.

Ìwé òfin Nàìjíríà ti ọdún 1999, ní abala 37, dárúkọ fóònù pàápàá nígbà tó ń dáàbò bo àṣírí wa, pẹ̀lú ilé àti lẹ́tà wa. Agbẹjọ́rò kan di abala yìí mú, ó gbé Etisalat, bí wọ́n ṣe ń jẹ́ nígbà náà, lọ sí kóòtù torí àtẹ̀jíṣẹ́ ìpolówó tí kò béèrè fún tó ń rọ́ wọ fóònù rẹ̀. Síìmù wọn ló ń lò o, nọ́ńbà rẹ̀ sì wà lọ́wọ́ wọn. Síbẹ̀ ó jàre. Etisalat pẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Ní 2018, ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn náà tún dá ọkùnrin yìí láre. Ó wù mí kí gbogbo ẹni tó ní fóònù gbọ́ nípa ẹjọ́ yìí.

Òfin tó ń dáàbò bo dátà, ìyẹn ìsọfúnni nípa ara ẹni bí orúkọ àti nọ́ńbà fóònù, tí wọ́n fọwọ́ sí ní oṣù kẹfà ọdún 2023, tún là á mọ́lẹ̀. Dídákẹ́ yín ò túmọ̀ sí pé ẹ gbà. Ẹni tó ń lo nọ́ńbà yín ló gbọ́dọ̀ fi ẹ̀rí hàn pé ẹ gbà. Bí ẹ bá sì ti gbà tẹ́lẹ̀, ẹ lè sọ pé ẹ ò gbà mọ́, nígbàkigbà tó bá wù yín. Ẹ tún lẹ́tọ̀ọ́ láti béèrè ibi tí wọ́n ti rí nọ́ńbà yín. Ìbéèrè yìí dára púpọ̀; ẹ kọ́kọ́ bi wọ́n.

Ti àtẹ̀jíṣẹ́ àti ìpè ìpolówó tó ń gba ọwọ́ nẹ́tíwọ̀kì wá, ẹ fi STOP ránṣẹ́ sí 2442. Láti 2016 ló ti wà, ọ̀fẹ́ sì ni. Ẹni tó bá ṣì fẹ́ gbọ́ nípa ìlera tàbí eré ìdárayá nìkan lè fi HELP ránṣẹ́ sí nọ́ńbà kan náà kó yan èyí tó fẹ́. Bí ìyọnu náà ò bá dáwọ́ dúró, ẹ pe nẹ́tíwọ̀kì yín lórí 300, ẹ gba nọ́ńbà ẹ̀sùn lọ́wọ́ wọn, ìyẹn nọ́ńbà tí wọ́n fi ń dá ẹ̀sùn yín mọ̀, kí ẹ tó pe NCC, àjọ tó ń bójú tó àwọn ilé iṣẹ́ fóònù, lórí 622. Ẹ má gbàgbé nọ́ńbà ẹ̀sùn yẹn o, torí wọ́n á béèrè rẹ̀.

Ṣùgbọ́n 2442 ò lè dá ẹni tó fi síìmù ara rẹ̀ pè yín dúró. Ibí ni ọ̀pọ̀ ti ń sọ pé 2442 ò ṣiṣẹ́. Irú ẹni bẹ́ẹ̀, ẹ sọ fún un pé ẹ ò fẹ́ kó fi nọ́ńbà yín polówó ọjà mọ́, ẹ kọ ọjọ́ àti aago tó pè sílẹ̀, kí ẹ fi ẹjọ́ sun NDPC, àjọ tó ń rí sí òfin dátà, bó bá tún pè.

Àwọn tó ń yáni lówó lórí áàpù, tí wọ́n ń pè yín torí gbèsè ọ̀rẹ́ yín, ò ní ẹ̀tọ́ kankan. Ní 2021, NITDA, àjọ ìjọba tó ń rí sí ìmọ̀ ẹ̀rọ, bu owó ìtanràn mílíọ̀nù mẹ́wàá náírà lé Soko Loan torí irú ìwà yìí. FCCPC, àjọ tó ń dáàbò bo àwọn oníbàárà, náà ń gba ẹ̀sùn wọn.

Mo jókòó ti Àǹtí nígbà tí wọ́n pe ṣọ́ọ̀bù náà pé kí wọ́n yọ nọ́ńbà àwọn kúrò nínú gbogbo ohun tó bá kọjá gáráńtì. Ọmọ náà bẹ̀ wọ́n, ó ní òun á yọ ọ́. Lọ́jọ́ kejì, ẹni tó ń ta ilẹ̀ pè. Àǹtí bi í pé, "Ọmọ mi, ta ló fún ẹ ní nọ́ńbà mi?" Ó pa fóònù, kò sì tíì pè mọ́.