Fọ́máàtì Kọ́ Ni Oògùn Búráúsà Tó Ń Gbé Yín Lọ Síbi Tí Ẹ Ò Fẹ́

Wọ́n tún ti sọ ọ́ fún ẹnìkan ní Agbowó, n'Ìbàdàn, lọ́sẹ̀ yìí: "Fáírọ́ọ̀sì ló wọ̀ ọ́. Àfi ká fọ́máàtì ẹ̀." Ohun tó ṣe kọ̀ǹpútà náà ò ju pé tí wọ́n bá ṣí Chrome, ojúewé àwárí kan tí ẹnikẹ́ni nínú ilé ò mọ̀ ló ń yọjú dípò Google, ohunkóhun tí wọ́n bá sì tẹ̀ sí i á gba ìkànnì méjì mẹ́ta kọjá kó tó já sí Yahoo tàbí Bing. Nítorí ìyẹn nìkan, wọ́n fẹ́ kí ẹni ẹlẹ́ni pàdánù gbogbo ohun tó wà nínú ẹ̀rọ rẹ̀. Láti Queen Cinema dé Ìwó Road, ìmọ̀ràn kan náà lẹ ó gbọ́. Ó ti sú mi, nítorí pé irọ́ ni.

Èyí tí wọ́n ń pè ní browser hijacker kò wá ba Windows jẹ́, kò sì wá jẹ fáìlì yín. Owó ìpolówó ló ń wá. Bí ẹ bá ń wá nǹkan nípasẹ̀ ojúewé rẹ̀, tí ẹ sì ń tẹ ìpolówó tó wà níbẹ̀, ẹni tó ṣe é ń rí tirẹ̀ gbà. Kò ju pé kó yí ojúewé àkọ́kọ́, táàbù tuntun àti ẹ̀rọ àwárí yín padà, kó sì wá ibì kan fara pamọ́ sí tí yóò ti tún wọn yí padà lẹ́yìn tí ẹ bá tún un ṣe. Àwọn ibi ìfarapamọ́ yìí ò pọ̀, kò sì sí èyí tí kò ṣeé ṣí wò níbẹ̀.

Ẹ̀rí tí mo gbára lé jù ni Sync, ohun tí Chrome fi ń kó ètò yín pamọ́ sọ́dọ̀ Google. Tí ẹ bá ti fi Gmail yín wọlé sí Chrome, tí Sync sì wà ní títàn, ọ̀dọ̀ Google ni ẹ̀dà àwọn extension yín (àfikún kéékèèké tó ń ṣiṣẹ́ nínú Chrome) wà, àti ti ẹ̀rọ àwárí tí ẹ ń lò, àti ti ojúewé tó ń kọ́kọ́ ṣí. Hard disk ni fọ́máàtì ń nù. Kò dé ọ̀dọ̀ Google rárá. Oníṣẹ́ á fi Windows tuntun sí i, á fi Chrome tuntun sí i, ẹ̀yin náà á tẹ Gmail àti páásíwọọ̀dù yín, kó sì tó pẹ́ rárá, extension tó dá gbogbo wàhálà sílẹ̀ ti padà sí ààyè rẹ̀. Báyìí ni wọ́n ṣe ń sọ fún àwọn èèyàn pé fáírọ́ọ̀sì náà lágbára, ó ti wọ inú hard disk, kí wọ́n lọ ra òmíràn. Àwọn kan sì ń rà á. Wọ́n ti san owó fọ́máàtì, wọ́n tún san owó hard disk, nítorí nǹkan tó wà nínú àkáǹtì Google wọn látìbẹ̀rẹ̀.

Ẹ lè yẹ̀ ẹ́ wò fúnra yín kí ìṣẹ́jú kan tó pé. Ẹ tẹ àwòrán kékeré tó wà lápá ọ̀tún lókè nínú Chrome, kí ẹ yan Guest. Fèrèsé tó bá ṣí kò ní extension yín kankan nínú, kò sì mọ ètò yín. Ẹ wá nǹkan níbẹ̀. Tó bá gbé yín lọ síbi tó yẹ, a jẹ́ pé ọ̀dọ̀ Chrome yín ni wàhálà wà, kò sí ìdí láti fọ́máàtì Windows. Ẹni tó bá fọ́máàtì lẹ́yìn tó ti rí èyí kàn fẹ́ gba owó ni.

Ìdánwò kejì: ẹ fi fóònù sórí Wi-Fi kan náà. Tí fóònù náà bá ń já sí àwọn ìkànnì àjèjì, ẹ̀rọ tó ń pín íntánẹ́ẹ̀tì ni kẹ́ ẹ dojú kọ, torí ó ṣeé ṣe kí ẹnìkan ti yí DNS rẹ̀, ohun tó ń júwe ibi tí ìkànnì wà, padà. Ẹ wọ 192.168.0.1 tàbí 192.168.1.1, tàbí nọ́ńbà tó wà lẹ́yìn ẹ̀rọ náà, kí ẹ wo DNS, kí ẹ sì yí páásíwọọ̀dù tó bá a wá láti ilé iṣẹ́ padà. Ẹ lè fọ́máàtì kọ̀ǹpútà títí, router ò ní mọ̀.

Fláàṣì tí wọ́n fi ń fọ́máàtì náà tún wà ńbẹ̀ o. Windows tí kò ní láísẹ́ǹsì ló pọ̀ lórí wọn, pẹ̀lú activator (ètò tó ń ṣí Windows láìsan owó láísẹ́ǹsì) tí wọ́n á ní kẹ́ ẹ pa Defender, antivirus tó bá Windows wá, kó tó lè ṣiṣẹ́. Irú activator bẹ́ẹ̀ wà lára ohun tí àwọn aṣebi máa ń kó ẹrù wọn sí jù. Kọ̀ǹpútà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ "fọ̀ mọ́" lè kúrò lórí tábìlì tòun ti ohun tó burú ju hijacker àkọ́kọ́ lọ.

Wọ́n á ní, "Ṣùgbọ́n nígbà tí mo fọ́máàtì tèmi, ó lọ." Ó lọ nítorí pé fọ́máàtì pa fódà Chrome rẹ́ pẹ̀lú gbogbo nǹkan yòókù. Ẹni tí eku wọ yàrá rẹ̀ kì í wó ilé. Àwọn tó ní kẹ́ ẹ kàn yọ Chrome kúrò kẹ́ ẹ tún un fi sí náà ò sọ òtítọ́ tán: tí ẹ ò bá mú àpótí "Also delete your browsing data" nígbà tí ẹ ń yọ ọ́, fódà User Data tó wà ní AppData\Local\Google\Chrome á dúró sí ààyè rẹ̀, Chrome tuntun á sì bá a níbẹ̀.

Bó ṣe yẹ kẹ́ ẹ ṣe é rèé. Ẹ kọ́kọ́ kó páásíwọọ̀dù yín jáde láti chrome://password-manager/settings, níbi tí wọ́n kọ Export passwords sí, kí ẹ sì kó bookmark yín jáde láti ojúewé tí Ctrl, Shift àti O máa ń ṣí. Fáìlì páásíwọọ̀dù yẹn ò ní títì kankan, ẹnikẹ́ni tó bá ṣí i á kà á, nítorí náà ẹ pa á rẹ́ tí iṣẹ́ bá parí. Lẹ́yìn náà, ẹ pa Sync nínú Settings. Tó bá bi yín bóyá kó nu ohun tó wà lórí kọ̀ǹpútà yìí, ẹ má mú un.

Ẹ tẹ bọ́tìnì Windows àti R, ẹ kọ appwiz.cpl. Ẹ tẹ orí òpó Installed On kí ó tò wọ́n ní ọjọ́ ọjọ́, kẹ́ ẹ wo ohun tó wọlé ní ọjọ́ tí wàhálà bẹ̀rẹ̀ tàbí ọjọ́ tó ṣáájú rẹ̀. Àwọn tó ń sọ PDF di Word, àwọn tó ń bá yín dáńlóòdù fídíò, àwọn tó ní àwọn á mú kọ̀ǹpútà yára, irú wọn ló sábà máa ń gbé e wọlé. Ẹ fara balẹ̀ ka ohun tó bá kọ nígbà tí ẹ ń yọ ọ́: àwọn kan máa ń fi àwọ̀ títàn sára bọ́tìnì tó ní kó dúró, wọ́n á sì pa àwọ̀ èyí tó ní kó lọ rẹ́ débi pé ojú ò ní tètè rí i.

Ó di chrome://extensions. Ẹ yọ gbogbo èyí tí ẹ ò mọ̀. Ibí gan-an ni ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń jáwọ́, nítorí bọ́tìnì Remove á kọ̀, wọ́n á kọ ọ́ síbẹ̀ pé administrator ló fi í sí, ìsàlẹ̀ àkójọ Chrome á sì máa sọ pé "Managed by your organization", nígbà tó jẹ́ kọ̀ǹpútà ilé lásán ni. Kì í ṣe idán. Policy ni, àṣẹ tí wọ́n kọ sínú Windows láti fi darí Chrome. Ẹ ṣí chrome://policy. Lórí kọ̀ǹpútà ilé, ó yẹ kó ṣófo, àyàfi tí antivirus tí ẹ fi sí i fúnra yín bá kọ nǹkan kan síbẹ̀. Tí ẹ bá rí ExtensionInstallForcelist, ẹ ti mú un nìyẹn. Ohun tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú lẹ́tà 32, láti a dé p nìkan. Ẹ tan Developer mode nínú chrome://extensions, ẹ óò rí lẹ́tà kan náà gẹ́lẹ́ gẹ́gẹ́ bí ID extension tó kọ̀ láti lọ.

Ẹ tẹ bọ́tìnì Windows àti R, ẹ kọ regedit, kẹ́ ẹ ṣí ibi tí Windows ń kọ ètò rẹ̀ sí. Ẹ lọ sí HKEY_LOCAL_MACHINE\SOFTWARE\Policies\Google\Chrome, lẹ́yìn náà sí ọ̀nà kan náà lábẹ́ HKEY_CURRENT_USER. Kí ẹ tó fọwọ́ kan nǹkan, ẹ fi bọ́tìnì ọ̀tún máòsì tẹ fódà Chrome náà, ẹ yan Export, kí ẹ fi ẹ̀dà pamọ́. Ìgbà náà lẹ ó wá pa á rẹ́. Ti Edge wà ní Policies\Microsoft\Edge. Ẹ ti Chrome pátápátá, ẹ tún un ṣí, bọ́tìnì Remove á ti là. Tó bá tún padà lẹ́yìn tí ẹ bá tan kọ̀ǹpútà, ẹ wo C:\Windows\System32\GroupPolicy\Machine, fáìlì Registry.pol tó wà níbẹ̀ ló ń kọ ọ́ padà. Ẹ pa á rẹ́, kí ẹ ṣí Command Prompt gẹ́gẹ́ bí administrator, kẹ́ ẹ sì kọ gpupdate /force. Lápútọ́ọ̀pù tí ibi iṣẹ́ fún yín ńkọ́? Ẹ má dán èyí wò níbẹ̀. Policy ti tiwọn, àwọn ló mọ̀ọ́mọ̀ fi sí i.

Ibòmíràn tó máa ń fara pamọ́ sí ni Task Scheduler, tí ẹ fi taskschd.msc ṣí. Ẹ wo táàbù Actions iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan tó wà nínú Library. Èyí tó bá ń pe powershell.exe tàbí wscript.exe, tàbí fáìlì kan nínú Temp, ẹ Disable rẹ̀, ẹ má tíì pa á rẹ́. Ẹ tan kọ̀ǹpútà padà kí ẹ wò ó ná. OneDrive náà ní iṣẹ́ tirẹ̀ níbẹ̀ láti inú AppData, ẹ má ṣì í mú.

Ẹ yẹ àmì Chrome tó wà lójú kọ̀ǹpútà wò: bọ́tìnì ọ̀tún, Properties, Target. Ó yẹ kó parí sí chrome.exe àti àmì ọ̀rọ̀ (") rẹ̀; profile-directory tó bá tẹ̀ lé e ò burú, ṣùgbọ́n àdírẹ́sì ìkànnì kò gbọdọ̀ sí níbẹ̀.

Proxy ló máa ń kó ìtìjú bá àwọn tó ṣe iṣẹ́ dé ìdajì. Àwọn hijacker kan máa ń darí íntánẹ́ẹ̀tì gba inú ètò tiwọn. Ẹ yọ ètò náà, ẹ gbàgbé proxy, Chrome á kọ ERR_PROXY_CONNECTION_FAILED, ìkànnì kankan ò ní ṣí, aládùúgbò á sì sáré sọ pé ẹ ti ba Windows jẹ́. Ẹ lọ sí Settings, Network & internet, Proxy. Ẹ pa Use a proxy server àti Use setup script. Íntánẹ́ẹ̀tì á padà.

Àwọn ìkìlọ̀ tó ń yọ ní igun ìsàlẹ̀ pé antivirus yín ti kú, pé fáírọ́ọ̀sì márùn-ún ti wọlé, notification lásán ni. Ìkànnì tí ẹ ti fẹ́ wo bọ́ọ̀lù tàbí dáńlóòdù fíìmù ló ní kẹ́ ẹ tẹ Allow láti fi hàn pé ẹ kì í ṣe róbọ́ọ̀tì. Ẹ yọ ọ́ ní chrome://settings/content/notifications.

Ẹ wá lọ sí chrome://settings/reset. Kì í pa bookmark, ìtàn ìwákiri tàbí páásíwọọ̀dù rẹ́. Ó kàn ń dá extension dúró, ó sì ń dá ẹ̀rọ àwárí padà sí ipò rẹ̀. Kí ẹ tó tan Sync padà, ẹ ṣí chrome.google.com/sync, kí ẹ pa ohun tó wà níbẹ̀ rẹ́ láti ìsàlẹ̀ ojúewé náà. Tí ẹ bá fo èyí, gbogbo iṣẹ́ yín dòfo. Kọ̀ǹpútà mìíràn tó ń lo Gmail yẹn, ẹ nu tirẹ̀ náà kó tó tún gbé e wọlé.

Kẹ́ ẹ fi AdwCleaner ti Malwarebytes yẹ̀ ẹ́ wò, láti ìkànnì wọn gan-an, kí ẹ sì ṣe Microsoft Defender Offline scan. Ó máa ń gba bíi ìṣẹ́jú 15, kọ̀ǹpútà á sì kú kó tó tún tan, nítorí náà ẹ jẹ́ kí bátìrì kún kó má baà kú lágbede méjì bí iná bá lọ. Ẹ má wá irú ètò ìfọ̀mọ́ bẹ́ẹ̀ nínú Chrome fúnra rẹ̀. Google ti yọ ọ́ kúrò láti oṣù kẹta 2023. Nínú Windows Security, ẹ tan Potentially unwanted app blocking, kẹ́ ẹ mú àpótí méjèèjì tó wà lábẹ́ rẹ̀.

Lórí àwọn kọ̀ǹpútà ilé tó ń kọjá lọ́wọ́ mi, èyí tó nílò fọ́máàtì nítorí hijacker nìkan ṣọ̀wọ́n. Tí orúkọ àwọn fáìlì yín bá ti yí padà tí wọ́n sì ń bèèrè owó, tàbí tí Defender kọ̀ láti tan rárá, ọ̀rọ̀ míì nìyẹn, fọ́máàtì lè tọ́ níbẹ̀.

Tí ẹ bá sì fẹ́ gbé e fún oníṣẹ́ dandan, ẹ ní kó ṣí Guest àti chrome://policy lójú yín kó tó mú fláàṣì jáde. Ẹni tí kò bá mọ ojúewé méjì yẹn, ẹ gba kọ̀ǹpútà yín lọ́wọ́ rẹ̀.