Òfin Íńdíà tí ẹ ń yìn, ẹ bi Nitish Kumar léèrè

Ó ti sú mi. Gbogbo ìgbà tí olóṣèlú kan bá ti fò láti ẹgbẹ́ kan sí òmíràn nílùú wa, ẹnì kan á jáde, á ní ká lọ ya òfin Íńdíà wá. Wọ́n á ní lọ́hùn-ún, aṣòfin tó bá fi ẹgbẹ́ tó gbé e wọlé sílẹ̀, àga rẹ̀ ti lọ nìyẹn. Lóòótọ́ ni, láti 1985 ni òfin náà ti wà. Ṣùgbọ́n ẹ dákun, ẹ̀yin tí ẹ ń yìn ín, ṣé ẹ ti gbọ́ orúkọ Nitish Kumar rí?

Ìpínlẹ̀ Bihar ni bàbá náà ti ń ṣèlú, níbi tí èèyàn tó lé ní ọgọ́rùn-ún mílíọ̀nù ń gbé. (Ẹni tí àwa ń pè ní gómìnà, olórí mínísítà ni tiwọn. Gómìnà tiwọn, ìjọba àpapọ̀ ló ń yàn án, òun ló sì ń búra fún olórí mínísítà.) Ní oṣù kọkànlá 2025, Nitish búra sípò yẹn fún ìgbà kẹwàá. Ẹ má rò pé ìbò mẹ́wàá ló jẹ o. Á kọ̀wé fipò sílẹ̀, á pààrọ̀ àwọn tí wọ́n jọ ń ṣèjọba, á tún padà wá búra. Àwọn ọmọ ìlú rẹ̀ ti sọ ọ́ ní Paltu Ram, Ayírapadà.

Èyí tó dùn mí jù ni ti ọjọ́ 28 oṣù kìíní 2024. Ọjọ́ Àìkú ni. Láàárọ̀, ó mú ìwé lọ bá gómìnà ní Patna, olú ìlú Bihar, pé ìjọba tí òun àti ẹgbẹ́ RJD jọ ń ṣe ti tán. Tejashwi, ọmọ Lalu Prasad Yadav tó dá RJD sílẹ̀, ni igbákejì rẹ̀ nínú ìjọba ọ̀hún. Ilẹ̀ ọjọ́ náà kò tíì ṣú tán tó fi tún wà níwájú gómìnà, tó ń búra, BJP, ẹgbẹ́ tó ń ṣèjọba àpapọ̀ Íńdíà, ló wá dúró tì í báyìí. BJP tó já sílẹ̀ ní oṣù kẹjọ 2022! BJP tí Nitish fẹnu ara rẹ̀ sọ ní oṣù kìíní 2023 pé ó sàn kí òun kú ju kí òun padà sọ́dọ̀ wọn lọ! Ọdún kan ò tíì pé sí ọ̀rọ̀ yẹn. Amit Shah, mínísítà ọ̀rọ̀ abẹ́lé Íńdíà, náà ti sọ nígbà yẹn pé àwọn ti tilẹ̀kùn mọ́ Nitish títí láé. Ilẹ̀kùn ṣí.

Ẹ tún wá wò ó. Ní oṣù kẹfà 2023, òun yìí kan náà ló kó àwọn olórí ẹgbẹ́ alátakò jọ sí Patna, pé kí wọ́n pawọ́ pọ̀ lé Modi, olórí ìjọba Íńdíà láti inú BJP, lọ. Ẹni tó se àsè ló kọ́kọ́ gbé àwo tirẹ̀ lọ sílé ọ̀tá.

Kí ni òfin ṣe fún un? Kò lè ṣe nǹkan kan. Aṣòfin tó bá dá kúrò nínú ẹgbẹ́ rẹ̀ ni òfin náà ń mú. Nitish kò kúrò nínú ẹgbẹ́ tirẹ̀, JD(U), rárá. Odindi ẹgbẹ́ ló gbé lé èjìká tó gbé kọjá. Aṣòfin JD(U) tó bá sì ní òun ò bá wọn lọ, tó lọ dìbò lòdì sí àṣẹ ẹgbẹ́, òun gan-an ni òfin máa gba àga lọ́wọ́ ẹ̀. Ẹ gbọ́ o: ẹni tó dúró síbi tí àwọn olùdìbò fi í sí ni òfin ń jẹ níyà, ọ̀gá tó ń yí kiri ń sùn dáadáa. Irú èyí lẹ fẹ́ kó wá fún àwọn ọ̀gá ẹgbẹ́ tiwa?

2024 nìkan kọ́ o. Ní 2013, ó kúrò lọ́dọ̀ BJP torí pé wọ́n gbé Modi síwájú. Ní 2015, òun àti Lalu, tí wọ́n ti ń bá ara wọn jà láti 1994, para pọ̀ na BJP. Àga 53 péré ni BJP rí nínú 243. Ìbò ti sọ̀rọ̀. Ní oṣù keje 2017, ó ní òun ò lè bá RJD ṣe mọ́ nítorí ẹ̀sùn ìwà ìbàjẹ́ tó wà lọ́rùn Tejashwi, ló bá kọ̀wé fipò sílẹ̀. Ọjọ́ kejì, ó búra pẹ̀lú BJP. Báyìí ni àwọn tí ará Bihar lé síta ṣe gba ẹ̀yìn wọlé, láìdìbò. Ẹ̀sùn ọ̀hún ò sì dí i lọ́wọ́ láti padà sọ́dọ̀ Tejashwi ní 2022!

Ní 2020, àga 43 ni ẹgbẹ́ rẹ̀ ní, BJP ní 74, RJD ní 75. Taa ló di olórí mínísítà? Òun náà ni. Láti 2004 ni kò sì ti gbégbá ìbò fúnra rẹ̀ mọ́. Ilé aṣòfin àgbà ìpínlẹ̀ ló fara pamọ́ sí, níbi tí kò nílò kí aráàlú dìbò fún un tààrà.

Ohun tó ń pọ́n mi lójú ni pé ọkùnrin yìí kọ́ ni mo rí nínú ìtàn rẹ̀ àtijọ́. Ní 1999, ọkọ̀ ojú irin méjì forí sọra ní Gaisal, èèyàn tó lé ní 280 kú. Òun ni mínísítà ọkọ̀ ojú irin, ó sì kọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀. Ní 2000, ó di olórí mínísítà fún ọjọ́ 7, nígbà tí iye aṣòfin tó wà lẹ́yìn rẹ̀ kò pé, ó kúrò.

Àwọn alátìlẹ́yìn rẹ̀ á ní nítorí Bihar ló ṣe ń yí. Ẹ gbàgbé ìyẹn jàre. Ti àwọn obìnrin ni mi ò rí fèsì. Láti 2006 ni ìjọba rẹ̀ ti ń fún àwọn ọmọbìnrin iléèwé girama lówó ra kẹ̀kẹ́, ní àwọn abúlé tí iléèwé jìnnà sí. Ọdún yẹn náà ló ya ìdajì àga ìgbìmọ̀ abúlé sọ́tọ̀ fún obìnrin. Ní 2016, ó fòfin de ọtí nítorí pé àwọn obìnrin ní ọtí ń tú ilé àwọn ká. Òfin ọtí yẹn ní wàhálà tirẹ̀ o, ògógóró olóró ti pa àwọn èèyàn lọ́pọ̀ yanturu, ní Saran ní 2022 pàápàá, ọ̀rọ̀ tó sì jáde lẹ́nu rẹ̀ ni pé ẹni tó bá mu ún á kú.

Nígbà ìbò 2025, ó kù díẹ̀ kí wọ́n dìbò ni rúpìì 10,000 ń wọ àpò ìkówópamọ́ àwọn obìnrin. Àwọn alátakò ní owó ìbò ni. Èmi náà rò bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n nínú ọgọ́rùn-ún obìnrin tó forúkọ sílẹ̀, ó lé ní 71 tó jáde dìbò, àwọn ọkùnrin ò tó 63. Ẹgbẹ́ rẹ̀ kúrò ní 43, ó di 85. Ṣé owó yẹn nìkan ló ṣe é, àbí ọmọbìnrin tó gun kẹ̀kẹ́ lọ iléèwé nígbà náà ti di ìyá ọmọ báyìí, kò sì ka iye ìgbà tí bàbá yìí yí padà sí nǹkan kan? Mi ò lè dá Nitish láre. Àwọn obìnrin yẹn ńkọ́, kí ni mo fẹ́ sọ fún wọn?